Pósí Kan, Òkú Méjì

Gbogbo ilé tó wà ní àgọ́ àwọn ogúnléndé ló ń sunkún lọ́jọ́ tí Olórí kú. Ìyẹn ni kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni mọ̀ pé òkú wà nílé Bàbá Wasfi. Lọ́jọ́ mìíràn, bí obìnrin bá figbe ta ládùúgbò yẹn, kó tó sinmi ẹkún, àwọn aládùúgbò á ti kún iwájú ilé, ẹnìkan á ti máa gbé àga bọ̀, ẹlòmíràn á ti máa wá ìkòkò tó máa fi sè fún olókùú. Ṣùgbọ́n láti ìrọ̀lẹ́ àná tí rédíò ti kéde pé Olórí ti dákẹ́ sí ilé ìwòsàn lókè òkun, igbe ò sinmi ní àgọ́ mọ́. Nígbà tí Àlàájà Rasmiyya wá ké lẹ́yìn ìrun àsùbáà pé ọkọ òun ti lọ, igbe tirẹ̀ wọ inú igbe ayé, ó sì rì síbẹ̀.

Itidal, ìyàwó ọmọ rẹ̀, ló pa ojú bàbá náà dé. Òun náà ló fi aṣọ gba àgbọ̀n rẹ̀. Àyà ló ti ń dun bàbá náà láti àná. Wọn ì bá gbé e lọ sí ilé ìwòsàn ní Nablus, ṣùgbọ́n bí ìròyìn ikú Olórí ṣe jáde báyìí ni àwọn ọmọ ogun ti ọ̀nà pa. Ẹni tó bá fẹ́ ṣàìsàn, kó ṣe é sílé. Ẹni tó bá fẹ́ kú, kó kú síbẹ̀. Bí wọ́n ṣe máa ń ṣe é nìyẹn, kò sì sí ẹni tí yóò bi wọ́n.

Wasfi, ọkọ Itidal, ọmọ kan ṣoṣo tí bàbá náà bí lọ́kùnrin, kò sí nílé. Ó wà ní gbàgede ilé-ìwé, níbi tí ìgbìmọ̀ àdúgbò ti ń ta àtíbàbà ọ̀fọ̀ Olórí. Itidal da aṣọ borí, ó sáré lọ pè é. Wasfi wá, ó kúnlẹ̀ ti bẹ́ẹ̀dì, ó fẹnu ko iwájú orí bàbá rẹ̀, ó sì sunkún bí ọmọdé. Ẹ má ṣe rò pé kò fẹ́ràn bàbá rẹ̀. Ó fẹ́ràn rẹ̀. Àmọ́ bó ṣe nu ojú tán, ó dìde, ó ní kí wọ́n má bínú, Bàbá Saqr ń retí òun.

Bàbá Saqr yìí ni alága ìgbìmọ̀, ẹni tó bá bú sẹ́rìn-ín tí gbogbo àdúgbò á rẹ́rìn-ín. Wasfi ṣàlàyé pé ọ̀nà tí wọ́n tì pa ò ní jẹ́ kẹ́nikẹ́ni ráyè lọ síbi ìsìnkú Olórí, nítorí náà, bí àwọn ìlú yòókù ti fẹ́ ṣe é, àgọ́ náà máa gbé pósí, wọ́n á da àsíá bò ó, wọ́n á gbé e kiri, wọ́n á sì kírun. Lẹ́yìn àílà ni. Kí wọ́n jẹ́ kí ìsìnkú bàbá di ìrun alásárì.

"Pósí wo lẹ fẹ́ gbé?" Itidal bi í. "Ta ló máa wà nínú ẹ̀?"

Wasfi ní kò ní sẹ́nìkan níbẹ̀. Kò sọ ọ́ bí ọ̀rọ̀ ẹ̀rín. Ẹni tí kò lè lọ síbi òkú ẹni rẹ̀ kò lè jókòó kó máa wo ògiri, ó gbọ́dọ̀ fi ẹsẹ̀ rẹ̀ ṣe nǹkan. Itidal náà mọ̀ bẹ́ẹ̀. Ó ti sunkún Olórí lálẹ́ àná títí ojú rẹ̀ fi wú, bàbá tó dùbúlẹ̀ yìí gan-an sì wà lára àwọn tó sunkún, bí àyà ti ń dùn ún tó.

Ó tẹ̀ lé ọkọ rẹ̀ dé ẹnu ọ̀nà. Ó rẹ ohùn sílẹ̀ kí Àlàájà má baà gbọ́.

"Bàbá ẹ ló kú o, Wasfi. Ta ni yóò dúró gba àwọn tó bá wá kí wa?"

"Mo mọ̀ pé bàbá mi ni. Ṣùgbọ́n gbọ́ mi. Iṣẹ́ ọdẹ yẹn, ní sẹkitéríàtì, ọ̀sẹ̀ yìí ni wọ́n fẹ́ mú èèyàn. Bàbá Saqr ń wo ẹni tó wà níbẹ̀ lónìí. Bí wọn ò bá rí mi lónìí, ta ló máa mọ̀ mí lọ́la?"

Ta ló kúkú ń fi iṣẹ́ náà pọ́n ọn lójú bí kò ṣe Itidal fúnra rẹ̀? Ṣebí òun ló sọ fún un nínú oṣù yìí pé kó lẹ̀ mọ́ Bàbá Saqr bí eégbọn, pé ọkùnrin tí kò ní ọ̀gá kì í rí búrẹ́dì jẹ ní àgọ́ yìí. Ó gba ẹ̀gbẹ́ kan fún un, ó sì jẹ́ kó lọ.

Àga ò sí. Gbogbo àga oníke tí wọ́n ń háyà ládùúgbò ló ti lọ sábẹ́ àtíbàbà. Àlàájà Rasmiyya fúnra rẹ̀ ló fa bẹ́ǹṣì kan jáde àti àga tí ọkọ rẹ̀ máa ń jókòó sí, ó tò wọ́n síwájú ilé. Ó se kọfí tí kò ní ṣúgà, èyí tí wọ́n fi ń ṣọ̀fọ̀; iná kọfí ò ka sí iná oúnjẹ. Ó wọ aṣọ dúdú, ó jókòó, ó ń retí àwọn èèyàn rẹ̀.

Àwọn tó kọ́kọ́ yà jẹ́ obìnrin mẹ́ta kan láti apá òkè àgọ́, tí wọ́n ń ti ibi àtíbàbà bọ̀. Wọ́n rí aṣọ dúdú, wọ́n rí kọfí, wọ́n rí bẹ́ǹṣì. Wọ́n kí i pé ẹ kú ọ̀rọ̀ èèyàn, àdánù ńlá ni, Ọlọ́run á dá ẹ̀yìn sí. Àlàájà dúpẹ́. Wọ́n jókòó, Itidal bu kọfí fún wọn, wọ́n sì sunkún dáadáa. Ọ̀kan nínú wọn ní bàbá gbogbo àwọn ni. Àlàájà fi ìka nu ojú, ó ní èèyàn jẹ́jẹ́ ni, ó ní kò tiẹ̀ jẹun dáadáa láti bí ọjọ́ mélòó kan. Obìnrin náà mi orí. Ó ní ta ni ì bá gbà á láyè kó jẹun, nígbà tó jẹ́ pé gbogbo ayé ló ń lépa ẹ̀? Ó ní wọ́n ní kì í sùn síbi kan náà lẹ́ẹ̀mejì.

Àlàájà, tó ti ń sùn ti ọkọ rẹ̀ láti ìgbà ọmọge, gbójú sókè wò ó. Ìgbà náà ló yé e pé òkú tí wọ́n ń sọ kì í ṣe tòun.

Itidal fẹ́ sọ fún wọn. Ó ti ní "ẹ jọ̀ọ́, ẹ̀yin ìyá mi," kí Àlàájà tó fi ojú bá a wí, ojú tí kì í gba àríyànjiyàn. Àwọn obìnrin náà mu kọfí tán, wọ́n gbàdúrà fún Olórí, wọ́n bá tiwọn lọ. Àwọn ọkùnrin méjì kan náà yà, wọ́n ṣe bẹ́ẹ̀. Ọ̀kan tó gbé àwòrán Olórí àti àtè dání tiẹ̀ lẹ ọ̀kan mọ́ ògiri ilé fún wọn, torí ó rí i pé ilé náà ń ṣọ̀fọ̀, wọn ò sì ní àwòrán. Àlàájà dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

Nígbà tó kù àwọn méjì, Itidal bi í pé kí ló dé.

"Ẹni tó bá fẹ́ kí mi, kó kí mi," Àlàájà dáhùn. "Mi ò ní gbé òkú ọkọ mi kiri bí ẹni ń tọrọ báárà."

Lèmọ́mù nìkan ló mọ̀. Ó ti kéde orúkọ bàbá náà lórí ẹ̀rọ mọ́sálásí láàárọ̀, ṣùgbọ́n àárín ìkéde méjì tó jẹ́ ti Olórí ló fi sí, ta sì ni yóò gbọ́ orúkọ àgbàlagbà tó ń tẹ táìsì sílẹ̀ ilé onílé nínú irú ariwo bẹ́ẹ̀? Ó wá pẹ̀lú ọkùnrin kan, wọ́n wẹ òkú, wọ́n fi aṣọ funfun dì í. Ó ní òun á padà wá lẹ́yìn alásárì pẹ̀lú pósí àti èèyàn tó máa gbé e.

Oòrùn ti kan orí. Ebi ti ń pa àwọn ọmọ Itidal méjèèjì. Rawand, tó jẹ́ ẹ̀gbọ́n, ń fara dà á, ó kàn ń gbé itọ́ mì. Ṣùgbọ́n Yazan ò tíì pé ẹni tó mọ ọ̀fọ̀, ó ń fa ìyá rẹ̀ láṣọ. Láti àárọ̀ ni ìrẹsì àti adìyẹ ti ń kọjá níwájú ilé, obìnrin lóríṣiríṣi ló ń gbé abọ́ àti ìkòkò lọ sí àtíbàbà, òórùn òróró ólífì àti àlùbọ́sà sì ń wọlé bí àlejò tí kò mọ̀ pé wọn ò pe òun. Itidal wọ ilé ìdáná. Ó fẹ́ fi ẹ̀wà lẹ́ńtìlì díẹ̀ kaná. Ọwọ́ rẹ̀ ò tíì kúrò lára gáàsì tí Àlàájà fi dé ẹ̀yìn rẹ̀.

"Gbọ́wọ́ kúrò níbẹ̀."

"Màmá, ebi ń pa àwọn ọmọ."

"Ilé olókùú kì í dáná. Aládùúgbò ló ń sè fún un. Bí ìkòkò bá hó nílé yìí lónìí, ayé á ní a ò lẹ́nìkan."

"A ò kúkú lẹ́nìkan," Itidal sọ.

Bó ṣe sọ ọ́ tán ló ti kábàámọ̀. Àlàájà ò bá a jà. Ó yí padà, ó sì lọ jókòó ti ọkọ rẹ̀. Itidal pa gáàsì. Inú ń bí i, kò sì mọ ẹni tó yẹ kó bínú sí: ìyá yìí ni àbí Wasfi, àbí àwọn tó ti ọ̀nà, àbí Olórí tí kò rí ọjọ́ mìíràn kú. Ó tọrọ àforíjì lọ́wọ́ Ọlọ́run nítorí èyí tó gbẹ̀yìn yẹn, àmọ́ ó ti rò ó ná.

Bó ṣe jáde síta báyìí ló rí Fikriyya, ìyá Ghassan, tí ògiri kan ṣoṣo là wọ́n láàárín. Ó gbé abọ́ ńlá kan rù, ìrẹsì tí wọ́n fi adìyẹ àti ìgbá dídín sè ni, ojú rẹ̀ sì pọ́n wẹ̀ẹ̀ fún ẹkún. Itidal bi í pé ibo ló ń gbé e lọ. Ó ní àtíbàbà ni, ṣé àwọn ò tíì gbé tiwọn lọ ni? Itidal ní ilé ọ̀fọ̀ kì í sè.

"Gbogbo wa la ń ṣọ̀fọ̀, ọmọ mi," Fikriyya ní, "ṣùgbọ́n wọ́n ní ká sè ni."

Itidal di ọwọ́ rẹ̀ mú, ó fà á wọlé pẹ̀lú abọ́ lórí, ó sì ṣílẹ̀kùn yàrá. Fikriyya rí aṣọ funfun, ó rí Àlàájà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀. Ó dúró gbagidi.

"Láti ìgbà wo?"

"Àsùbáà."

"Mo gbọ́ ẹkún yín," Fikriyya sọ. "Mo tiẹ̀ sọ fún Bàbá Ghassan pé ẹ ò rí i bí Àlàájà ṣe fẹ́ràn Olórí tó."

Ó sọ abọ́ kalẹ̀ sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Ó pe Rawand, ó pe Yazan, ó bu ìrẹsì fún wọn kí ẹnikẹ́ni tó bẹ̀ ẹ́. Ó ní ebi kì í pa òkú, àtíbàbà ti yó. Lẹ́yìn náà ló lọ di ẹsẹ̀ Àlàájà mú, ó sì sun ẹkún mìíràn, èyí tó jẹ́ ti ilé yìí nìkan. Àlàájà gbé ọwọ́ lé e lórí, ó ń rẹ̀ ẹ́ lẹ́kún bí ẹni pé Fikriyya ló ṣòfò. Nígbà tó yá, Fikriyya jáde lọ pe èèyàn, ṣùgbọ́n kò bá ẹni kan nílé láàárín òpópónà náà àfi àwọn arúgbó tí kò lè rìn. Gbogbo ayé ti lọ bá pósí.

Lẹ́yìn ìrun alásárì, Lèmọ́mù dé. Òun nìkan ni. Ó ń wo bàtà rẹ̀ bó ṣe ń sọ̀rọ̀. Ó ní ètò tó yẹ kó wáyé lẹ́yìn àílà ò bẹ̀rẹ̀ lásìkò, àwọn ìgbìmọ̀ ń dúró de ọ̀gá kan àti àwọn tó ń gbé kámẹ́rà, ọ̀nà tí wọ́n tì pa ò sì jẹ́ kí wọ́n wá. Wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ gbéra ni. Pósí kan ṣoṣo sì ni mọ́sálásí ní, èyí tó ń gbé gbogbo ẹni tó bá kú dé itẹ́ òkú, tó sì ń padà wá dúró de ẹlòmíràn. Òun náà ni wọ́n gbé lọ.

"Wọ́n gbé pósí lọ láìsí òkú nínú ẹ̀," Fikriyya sọ, bí ẹni tó fẹ́ kí etí òun gbọ́ ọ dáadáa.

Lèmọ́mù ní àfi bí wọ́n bá lè mú sùúrù di òwúrọ̀ ọ̀la. Àlàájà ní rárá, èyí tó wà nílẹ̀ ò lè máa dúró de èyí tí kò sí. Fikriyya ní kí wọ́n yọ ilẹ̀kùn kan, kí wọ́n fi gbé e. Àlàájà ní ọkọ òun kì í ṣe ẹrù.

Ibi tí wọ́n ti ń bá a fà á ni ariwo ti ń sún mọ́ wọn. Òpópónà tiwọn ló fẹ̀ jù, ibẹ̀ ni wọ́n máa gbà. Àlàájà Rasmiyya dìde, ó tún aṣọ borí rẹ̀ ṣe, ó jáde, ó sì lọ dúró sí àárín títì. Itidal tẹ̀ lé e. Èrò náà dé bí omi, pósí wà lókè orí wọn pẹ̀lú àsíá, gbogbo wọn ń ké pé ẹ̀mí wa, ẹ̀jẹ̀ wa, tìẹ ni. Wasfi wà níwájú, igi pósí ti ọwọ́ òsì wà léjìká rẹ̀. Ó rí ìyá rẹ̀, ó sì dákẹ́ igbe.

Àwọn tó wà níwájú dúró. Bàbá Saqr ya ara rẹ̀ sọ́tọ̀, ó wá bá a pẹ̀lú ọ̀wọ̀.

"Àlàájà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ yà fún wa. Olórí là ń gbé."

"Ṣé ó wà nínú ẹ̀?"

Bàbá Saqr gbójú sókè wo pósí náà.

"Tèmi wà nílé," ìyá náà sọ. Kò gbé ohùn sókè. "Wọ́n ti wẹ̀ ẹ́, wọ́n ti dì í. Ẹ sọ pósí yẹn kalẹ̀ fún mi."

Bàbá Saqr yí padà sí Wasfi. Ó bi í pé ṣé bàbá rẹ̀ ló kú, nígbà wo, kí ló dé tí kò sọ. Wasfi ń wo ilẹ̀. Itidal gbọ́ ọ, ó sì yé e: ọkọ òun ò sọ fún ẹnikẹ́ni. Láti àárọ̀ ló ti ń ta okùn, tó ń to àga, tó ń bu omi fún àwọn èèyàn, kò sì la ẹnu pé bàbá òun ti kú, kí wọ́n má baà ní kó máa lọ sílé, kí ẹlòmíràn má baà gba ipò rẹ̀. Bó bá sọ ọ́ ni, ṣebí gbogbo àgọ́ ni ì bá ti mọ̀.

Wọ́n sọ pósí kalẹ̀. Wọ́n ká àsíá, wọ́n gbé pósí wọlé, wọ́n tẹ́ bàbá náà sínú rẹ̀. Bàbá Saqr bi Àlàájà bóyá kí àwọn tún da àsíá bò ó. Àlàájà ní kí wọ́n bò ó tàbí kí wọ́n má bò ó, kí wọ́n ṣáà gbé e lọ, ilẹ̀ ń ṣú. Wọ́n bò ó. Nígbà tí pósí tún yọ sójú títì, àwọn tó wà lẹ́yìn, tí wọn ò mọ ohun tó ṣẹlẹ̀ níwájú, bẹ̀rẹ̀ igbe wọn padà. Bẹ́ẹ̀ ni gbogbo àgọ́ ṣe tẹ̀ lé ọkùnrin tó ń tẹ táìsì, tí wọ́n ń pariwo orúkọ ẹlòmíràn lé e lórí.

Obìnrin kì í bá òkú dé itẹ́ lọ́dọ̀ wọn. Àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta dúró sẹ́nu ọ̀nà títí igbe náà fi yà ní kọ̀rọ̀. Fikriyya fẹ́ tu Àlàájà nínú, ó ní irú èrò báyìí, ọba ló ń ní in. Àlàájà ní òótọ́ ni.

Lẹ́yìn mọ̀gàríbì ni Wasfi wọlé. Ohùn rẹ̀ ti há. Ó jókòó sórí bẹ́ǹṣì, ó ń sọ fún wọn bí èrò ṣe pọ̀ tó ní itẹ́, pé wọn ò rí irú ẹ̀ rí. Ó ní Bàbá Saqr dì mọ́ òun níwájú gbogbo wọn. Ó ní ó sọ fún wọn pé kí wọ́n wo ọmọkùnrin, kí wọ́n wo ẹni tó gbàgbé ọ̀fọ̀ ilé rẹ̀ nítorí Olórí, àwọn èèyàn sì pàtẹ́wọ́, wọ́n sunkún. Ó gbé gbohùngbohùn fún òun, òun sì sọ̀rọ̀ fún òkú méjèèjì. Lẹ́yìn náà ló wo Itidal, ó rẹ ohùn sílẹ̀, ó ní, "Wọ́n ní kí n wá lọ́jọ́ Sátidé. Iṣẹ́ náà ti bọ́ sí i."

Ọ̀rọ̀ tí Itidal ti ń retí láti ìgbà tí òjò ti dá nìyẹn. Ó wá a nínú ara rẹ̀ bóyá òun á rí ayọ̀ díẹ̀, kò rí i. Ó lọ gbé búta omi àti abọ́, ó fi aṣọ ìnuwọ́ kọ́ apá, bí wọ́n ṣe máa ń ṣe fún ẹni tó bá ti ibi sàréè bọ̀. Wasfi na ọwọ́. Itidal da omi sí i. Omi náà kán sínú abọ́, ó mọ́ bó ṣe mọ́ kó tó jáde nínú búta, èèkánná rẹ̀ mọ́, àtẹ́lẹwọ́ rẹ̀ mọ́.

Àlàájà Rasmiyya ń wo inú abọ́ náà.

"Ta ló bọ́ sínú sàréè gba bàbá ẹ sílẹ̀?"

"Màmá, wọ́n ti gbé gbohùngbohùn lé mi lọ́wọ́..."

"Ta ló gbà á?"

"Agbẹ́lẹ̀ ni."

"Òun nìkan?"

Omi ń kán lọ́wọ́ Wasfi. Ẹnìkan ń kọjá níta, ó kí wọn láti ojú ọ̀nà pé kí Ọlọ́run forí ji Olórí.

"Wọ́n máa ń sọ pé ẹni ọmọ sin," ìyá náà bẹ̀rẹ̀.

Kò parí rẹ̀. Ó na ọwọ́ gba aṣọ ìnuwọ́ lápá Itidal, ó ká a dáadáa, ó sì mú un wọlé lọ.